Ìgbà tí Ìka Ẹ̀gbọ́n Mi Ṣì Ń Dùn Ún

Mo rántí ìgbà tí ìka ẹ̀gbọ́n mi ṣì máa ń dùn ún. Á jókòó sí ẹnu ọ̀nà ahéré tí a ti ń yan ẹja, á na ọwọ́ òsì rẹ̀ sí mi bí ọmọdé tí ẹ̀gún gún, èmi náà á sì gbé ìkarahun tí mo fi ń yọ́ àdín sí ẹ̀gbẹ́ iná. Bí àdín náà bá ti lọ́ wọ́ọ́rọ́, màá kán an sí orí ìka rẹ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan, níbi tí okùn gìtá ti là á. Á fa ojú ro, á máa mí hẹ̀ẹ̀, á ní, "Rọra, rọra, ìwọ ọmọ yìí! Ṣé ìrù ẹja lo rò pé o dì mú ni?" Èmi á máa rẹ́rìn-ín. Nígbà yẹn, mo rò pé ìrora yẹn ni ohun tó burú jù lọ tó lè bá onígìtá. N kò mọ̀ pé ọjọ́ ń bọ̀ tí èmi àti òun yóò máa wá ìrora yẹn kiri, tí a kò sì ní rí i mọ́.

Orí iyanrìn tó wà láàárín òkun àti ọ̀sà ni ilé wa wà, ní òdìkejì ìlú Àgbádárìgì. Bí a bá fẹ́ ná ọjà Àgbàlátà, ọkọ̀ ojú omi la máa ń wọ̀ kọjá. Bàbá wa ló ni àwọ̀n ńlá kan tí ogún ọkùnrin máa ń fà láti inú òkun wá sí etí iyanrìn, ìyá wa ló sì ń yan ẹja tí àwọ̀n náà bá kó. Ègùn ni ìyá wa, Yorùbá ni bàbá wa, nítorí náà èdè méjì la fi ń jà nílé, tí a sì fi ń parí ìjà. Fòfó ni mo ń pe ẹ̀gbọ́n mi, bí àwọn Ègùn ṣe ń pe ẹ̀gbọ́n ọkùnrin. Àwa méjì péré ló yè nínú àwọn ọmọ tí ìyá wa bí.

Mo lọ sí ilé ìwé ìjọ Kristẹni fún ọdún mẹ́ta. Mo mọ ìwé kà, mo sì mọ̀ ọ́n kọ díẹ̀, ṣùgbọ́n ojú máa ń tì mí tó bẹ́ẹ̀ tí tíṣà fi rò pé odi ni mí. Nígbà tí wọ́n ní kí n wá máa ran ìyá mi lọ́wọ́ nídìí ẹja, n kò sunkún bí àwọn ọmọ yòókù ṣe máa ń sunkún. Ẹja kì í béèrè nǹkan lọ́wọ́ ẹni.

Ọkùnrin ẹ̀yà Kúrúù kan láti òkèèrè, tó ń ṣiṣẹ́ nínú ọkọ̀ àwọn òyìnbó, ló gbé gìtá dé etíkun wa. Àìsàn ló ṣe é tí ọkọ̀ rẹ̀ fi já a sílẹ̀, bàbá wa sì fún un ní àyè nínú ilé tí a ń kó àwọ̀n sí. Láti ọjọ́ tí ara rẹ̀ ti gbà á láti jókòó ló ti ń ta gìtá náà, láti ọjọ́ náà sì ni Fòfó kò ti kúrò lẹ́sẹ̀ rẹ̀ mọ́. Kò pé oṣù mẹ́rin tí ọkùnrin náà rí ọkọ̀ mìíràn bá lọ. Ó fi gìtá sílẹ̀ fún Fòfó. Ó sọ fún bàbá wa pé ọmọ yìí ti gba gbogbo ohun tó wà lọ́wọ́ òun, pé bí òun bá gbé igi náà lọ, igi lásán ni òun gbé.

Okùn gìtá náà kò pẹ́ já. Fòfó kọ́kọ́ fi okùn àwọ̀n rọ́pò rẹ̀, ó ń dún bí ẹ̀fọn. Lẹ́yìn náà ló lọ tọrọ wáyà bíréèkì kẹ̀kẹ́ tó ti gbó lọ́wọ́ alátùn-únṣe kan ní Ajara. Èmi ni mo máa ń di orí kan mú, kó lè tú wáyà náà sí fọ́nrán-fọ́nrán. Wáyà yìí ló ń gé e lọ́wọ́, òun ló sì sọ mí di oníṣègùn aládín.

Bàbá wa kò fẹ́ràn rẹ̀ rárá. "Àwọ̀n ń ya, ìwọ ń ta okùn," ló máa ń wí. "A kì í fi ẹ̀tẹ̀ sílẹ̀ ká máa pa làpálàpá." Òwe yẹn kò wọ́n lẹ́nu rẹ̀. Bí ọkọ̀ bá ń jò tí ẹnì kan ń kun àjẹ̀, á pa á. Bí òjò bá ń bọ̀ tí ìyá wa ń gbá ilẹ̀, á pa á. Èmi àti Fòfó á wo ara wa, a ó pa ẹnu dé, ejìká wa nìkan ni yóò máa gbọ̀n fún ẹ̀rín.

Ṣùgbọ́n nínú iṣẹ́ bàbá wa gan-an ni Fòfó ti rí orin rẹ̀. Àtàǹpàkò rẹ̀ ń ṣe bí àwọn ọkùnrin tó ń fa àwọ̀n, tí gìgísẹ̀ wọn ń rì sínú iyanrìn lẹ́ẹ̀kan náà, gìdì, gìdì. Ìka tó tẹ̀ lé e ń ṣe bí omi tó ń ṣàn padà sínú òkun lẹ́yìn tí ìgbì bá ti fọ́. Kò sí ẹni tó ń ta gìtá bẹ́ẹ̀ lágbègbè wa. Káfíńtà kan wà nínú ìlú tó ní ohùn dídùn. Ó gbọ́ Fòfó nínú ọkọ̀ ní ọjọ́ ọjà, kò sì jẹ́ kó sọ̀kalẹ̀. Ó ní, "Ìwọ ọmọ òkun yìí, ọ̀dọ̀ mi lò ń bọ̀ lónìí, ọjà lè dúró." Bí ẹgbẹ́ wọn ṣe bẹ̀rẹ̀ nìyẹn. Káfíńtà ń kọrin, ẹnì kan ń lu sámbà, ẹnì kan ń lu ṣẹ̀kẹ̀rẹ̀, ẹnì kan ń fi ìṣó lu ìgò, Fòfó sì ń ta gìtá láàárín wọn, ó tẹ orí ba bí ẹni tó ń wá abẹ́rẹ́ tó sọnù.

Láàárín ọdún méjì, kò sí ibi tí wọn kò ti pè wọ́n láti Ajara dé Gbájí, títí wọ ilẹ̀ àwọn Faransé, dé Àjàṣẹ́. Àwọn ọ̀dọ́ ń ti ọ̀nà jíjìn wá jókòó lẹ́sẹ̀ Fòfó láti wo ọwọ́ rẹ̀. Àwọn tó ti ń ta gìtá ṣáájú rẹ̀ pàápàá yí ọwọ́ wọn padà. Bí o bá ń kọjá lọ tí o gbọ́ gìtá nínú ilé tí o kò mọ̀, ìgbì etíkun wa ni wàá gbọ́.

Èmi náà di ẹni tí wọ́n ń kí. "Àbúrò onígìtá, báwo ni?" Ara mi á le bí igi. Ní ọjọ́ ìsọmọlórúkọ kan ní Ajara, àwọn ọmọbìnrin kan ń wá mi kiri kí n lè mú wọn mọ ẹ̀gbọ́n mi. Ẹ̀yìn àmù omi ni mo sá sí. Mo wà níbẹ̀ títí wọ́n fi jẹun tán, títí wọ́n fi fọ abọ́. Mo padà sílé pẹ̀lú ebi, Fòfó sì ń sọ ọ́ fún gbogbo èrò inú ọkọ̀ pé àmù ni òun mú wá sóde, kì í ṣe àbúrò. Inú bí mi fún ọjọ́ mẹ́ta. Bí mo bá lè rí irú ìbínú bẹ́ẹ̀ rà lónìí, màá rà á.

Àwọn onígìtá ní ohun kan tí wọ́n fi ń yangàn, ìyẹn ni ìka tó ti le. Bí okùn bá ti ń gé ni títí, awọ orí ìka á yi, kò ní máa dunni bíi ti tẹ́lẹ̀ mọ́. Ìgbà yẹn ni wọ́n máa ń sọ pé ọwọ́ èèyàn ti jinná. Ọ̀sán kan báyìí, mo gbé ẹja lọ fún obìnrin kan tó ń ta ẹmu lẹ́yìn ọjà Àgbàlátà, mo bá àwọn ẹgbẹ́ Fòfó níbẹ̀. Mo dúró sẹ́yìn òpó. Káfíńtà di ọwọ́ òsì Fòfó mú, ó gbé e sókè.

"Ẹ wá wo ọwọ́ tí gìtá ti sè jinná!"

"Ẹ̀ẹ́ẹ̀, ẹ gbọ́," ni ẹni tó ń lu ìgò wí. "Tèmi náà le. Ojoojúmọ́ ni mo ń di ìṣó mú."

"Ìwọ alugò? Ìgò ni kó o lọ bá figagbága."

"Ẹ gbé iná wá, ká mọ ọkùnrin!"

Obìnrin ẹlẹ́mu fi ẹ̀mú gbé ẹyín iná kékeré kan jáde. Alugò fi orí ìka kàn án, ó pariwo, "Yéè, ìyá mi ò!", ó ti ọwọ́ bọ inú igbá ẹmu ẹlòmíràn. Wọ́n rẹ́rìn-ín títí. Fòfó fi ìka méjì mú ẹyín iná náà. Ó ń sọ ìtàn ọlọ́pàá ẹnubodè kan fún wọn, kò sì dúró. Káfíńtà ń ka oókan, eéjì, ẹẹ́ta. Ó ka á dé ẹẹ́wàá. Fòfó ṣì ń sọ̀rọ̀. Ìgbà tó fẹ́ fi ọwọ́ júwe fìlà ọlọ́pàá náà ló tó rántí pé iná wà lọ́wọ́ òun, ó sì jù ú sílẹ̀. Gbogbo wọn hó yèè. Káfíńtà dọ̀bálẹ̀ fún un, ó ní, "Ọ̀gá, mo júbà ọwọ́ yín." Èmi náà rẹ́rìn-ín lẹ́yìn òpó tí ẹja fi fẹ́rẹ̀ẹ́ dànù lórí mi. Orí mi wú. Láti ọjọ́ yẹn, Fòfó kò na ọwọ́ sí mi fún àdín mọ́. Mo rò pé ó ti di ọ̀gá ni.

Ní àkókò kan náà, nǹkan kan yọ sí i lẹ́yìn, ó funfun díẹ̀ ju awọ ara rẹ̀ lọ, ó sì tó àtẹ́lẹwọ́. Ìyá wa wò ó, ó ní làpálàpá ni. Ó gún ewé àsúnwọ̀n, ó fi pa á fún un ní àràárọ̀. Kò yún un, kò ta á, kò sì lọ. Bàbá wa ń kọjá, ó wò wọ́n, ó sì bá tirẹ̀ lọ. Ọjọ́ yẹn gan-an, tó yẹ kó pa òwe rẹ̀, kò pa á.

Nígbà ọyẹ́ tó tẹ̀ lé e, ìyá wa lọ sí ọjà, èmi nìkan wà nínú ahéré, mò ń yí ẹja padà lórí iná èèpo àgbọn. Fòfó wọlé pẹ̀lú gìtá, láì wọ bàtà, ó ní òun ní orin tuntun. Èmi ló máa ń kọ́kọ́ gbé orin rẹ̀ wá fún. Ó máa ń sọ pé ẹnu mi kò lè sọ̀rọ̀, ṣùgbọ́n ojú mi kò lè parọ́. Ó ń ta á, ó ń fi ẹsẹ̀ lu ilẹ̀. Orin náà dára. Mo gbóòórùn nǹkan tó ń jóná, mo rò pé ẹja ni, mo sáré yí ìlà àkọ́kọ́ padà, mo yí ìlà kejì. Kò sí èyí tó jóná. Nígbà náà ni mo rí èéfín tó ń jáde lábẹ́ gìgísẹ̀ Fòfó. Ẹyín iná ti yí jáde kúrò nídìí èèpo àgbọn, Fòfó sì ń fi ẹsẹ̀ lù ú bí orin ṣe ń lọ.

"Fòfó! Iná! Ẹsẹ̀ yín!"

Ó wo ẹsẹ̀ náà bí ìgbà tí èèyàn ń wo ẹsẹ̀ ẹlòmíràn. Ó gbé e sókè. Ẹyín iná lẹ̀ mọ́ ọn. Kò pariwo, kò tiẹ̀ ṣẹ́ ojú. Mo fi ọ̀bẹ ẹja gbá a dànù. Mo rántí ọjọ́ tó mú iná lọ́wọ́ tí gbogbo wa ń rẹ́rìn-ín pé gìtá ló sè é jinná. Lẹ́yìn náà ni mo sọ ohun tó ti wà lọ́kàn mi.

"Fòfó, ẹsẹ̀ kì í ta gìtá."

Ó jókòó sórí àpótí. Ó ní òun mọ̀. Ó ní láti ìgbà òjò ni bàtà ti máa ń bọ́ lẹ́sẹ̀ òun tí òun kì í mọ̀, àyàfi bí ẹnì kan bá pe òun padà. "Má sọ fún Ìyá."

"Títí dìgbà wo?"

"Àwọn òyìnbó tó ń gba orin sínú àwo ti ránṣẹ́ sí wa láti Èkó. Oṣù tó ń bọ̀ la máa lọ. Bí wọ́n bá gbọ́ irú èyí, àbúrò mi, ta ló máa bá mi jókòó nínú ọkọ̀? Ta ló máa gba igbá lọ́wọ́ mi? Jẹ́ kí n ṣe àwo yìí ná. Èyí kan péré. Bí mo bá ti ṣe é tán, èmi fúnra mi ni màá lọ bá ọ̀gá olóògùn ìjọba."

"Ẹ búra."

"Mo fi òkun búra." Lọ́dọ̀ tiwa, ẹni tó ń jẹun látinú òkun kì í fi í búra ṣeré. "Ìwọ náà búra pé o kò ní sọ."

Èmi náà búra. Mo fi aṣọ di ẹsẹ̀ rẹ̀, mo sì sọ fún ìyá wa pé eegun ẹja ló gún un. Irọ́ àkọ́kọ́ tí mo pa fún ìyá mi nìyẹn, kò sì fura, nítorí ẹni tí kì í sọ̀rọ̀, bó bá sọ̀rọ̀ lẹ́ẹ̀kan, wọ́n á gbà á gbọ́.

Oṣù tó ń bọ̀ dé, àwọn òyìnbó náà ní ẹ̀rọ wọn bàjẹ́. Nígbà tó yá, wọ́n ní ọ̀gá wọn ti lọ sí ìlú òyìnbó fún ìsinmi. Lẹ́yìn náà, òjò bẹ̀rẹ̀. Oṣù kan tí mo búra fún di oṣù mẹ́sàn-án. Mo ń ka àwọn ìka ẹ̀gbọ́n mi pẹ̀lú ojú ní àràárọ̀, bí ìyá adìyẹ ṣe ń ka ọmọ.

Nígbà tó di oṣù karùn-ún, mo wọ ọkọ̀, mo lọ sí dìsípẹ́ńsárì, ilé oògùn ìjọba nínú ìlú. Mo ti tún ọ̀rọ̀ náà sọ láti ilé. "Ẹ jọ̀ọ́ sà, ẹ̀gbọ́n mi kò mọ iná lára mọ́." Gbólóhùn kan péré ni. Mo jókòó sórí bẹ́ǹṣì láàárín àwọn tí wọ́n gbé ọmọ dání. Nígbà tó kàn mí, ọ̀gá olóògùn náà gbójú sókè. Aṣọ funfun ló wọ̀, àwọn èèyàn sì pọ̀ lẹ́yìn mi tí wọ́n ń gbọ́.

"Kí ló ń ṣe ọ́?"

Ọ̀rọ̀ náà wà létè mi. Mo rántí òkun. Mo rántí àwo. Ká sòótọ́, kì í ṣe ìbúra nìkan ni. Ojú tì mí.

"Orí ló ń fọ́ mi, sà."

Ó fún mi ní oògùn oníhóró funfun mẹ́rin. Mo dì wọ́n mú títí dé àárín ọ̀sà, mo sì jù wọ́n sómi. Àwọn àgbà ní ẹni tó bá dákẹ́, tara rẹ̀ á bá a dákẹ́. Èmi dákẹ́, ti ẹlòmíràn ló bá mi dákẹ́.

Lẹ́yìn òjò, wọ́n lọ sí Èkó. Nígbà tí Fòfó dé, ó pè mí sábẹ́ igi àgbọn, ó sì fi ọwọ́ òsì rẹ̀ hàn mí. Ìka rẹ̀ tó kéré jù ti tẹ̀, ó wọ́ sínú bí ìwọ̀ ẹja. Ó ní ibì kan wà nínú orin náà tó yẹ kí ìka yẹn gòkè lọ mú okùn, òun rán an, kò lọ. Òyìnbó ti na ọwọ́ pé wọ́n ti ń gbà á sínú àwo, òun kò lè dúró, òun sì fo ibẹ̀. "Káfíńtà ò mọ̀," ó ní. "Ṣé ìwọ máa mọ̀?"

Nígbà tí àwo náà dé, ọ̀sán ni wọ́n kọ́kọ́ lù ú, níwájú ṣọ́ọ̀bù oníṣòwò kan ní Àgbàlátà tó ní giramafóònù. Èrò pọ̀ bíi ti ọjọ́ ọdún. Káfíńtà wọ kóòtù nínú oòrùn. Wọ́n fi abẹ́rẹ́ lé àwo, àwo náà ha bí iyanrìn lábẹ́ ẹsẹ̀, lójijì ni etíkun wa sì jáde láti inú àpótí náà. Àwọn èèyàn pariwo. Obìnrin kan ń wo ẹ̀yìn àpótí, ó ń wá àwọn tó wà nínú rẹ̀. Èmi ń dúró de ibẹ̀. Ó dé. Ìgbì ń bọ̀, ó ń bọ̀, ó yẹ kó fọ́, kò sì sí nǹkan kan, àfi òfìfo kékeré kan, bí ìgbà tí èèyàn na ẹsẹ̀ wá àtẹ̀gùn tí kò sí níbẹ̀. Lẹ́yìn náà ni orin ń bá a lọ. Ẹni tó ń lu ìgò kígbe pé, "Ẹ gbọ́ bó ṣe dá a dúró! Ẹ gbọ́ àrà!" Fòfó wò mí láàárín èrò, ojú mi kò sì lè parọ́.

Àwọn ọ̀dọ́ onígìtá kọ́ orin náà láti inú àwo. Nígbà tó fi máa di ọyẹ́, gbogbo wọn ti ń fo ibẹ̀, ní Ajara, ní Gbájí, níbi gbogbo. Ìka wọn pé, ó ń dùn wọ́n, ó lè gòkè, ṣùgbọ́n wọ́n ń dá a dúró, nítorí wọ́n rò pé ẹwà orin náà ni. Títí di òní ni wọ́n ń fò ó. Àìsàn ẹ̀gbọ́n mi ni wọ́n ń ta lórí gìtá wọn, mi ò sì tíì sọ fún ẹnì kankan nínú wọn.

Fòfó mú ìbúra rẹ̀ ṣẹ. Ní ọjọ́ kejì tí wọ́n lu àwo náà, òun àti èmi lọ sí dìsípẹ́ńsárì. Ọ̀gá olóògùn ní kó di ojú, ó ń fi abẹ́rẹ́ kàn án lára níbí àti lọ́hùn-ún, ó ń béèrè, "Ṣé o mọ̀ ọ́n?" Fòfó ń dá a lóhùn pé, "Ṣé ẹ ti kàn mí ni, sà?" Nígbà tó kàn án lẹ́ẹ̀kẹfà, ó gbé abẹ́rẹ́ náà sílẹ̀, ó sì sọ orúkọ àrùn tí bàbá wa ti ń pè lójoojúmọ́ nínú òwe, kì í ṣe làpálàpá.

"Ìgbà wo ló bẹ̀rẹ̀?"

"Oṣù tó kọjá, sà," ni Fòfó wí. Kò wo ọ̀dọ̀ mi. Èmi ló ń dáàbò bò.

Ọ̀gá náà wo ìka tó tẹ̀, ó mi orí. Lẹ́yìn náà ló wò mí. "Ìwọ yìí, ṣé kì í ṣe ìwọ lo wá níjọ́sí pé orí ń fọ́ ọ?"

Mo ní bẹ́ẹ̀ ni. Kò bú mi. Ì bá sàn kó bú mi. Ó ní oògùn tuntun ti wà báyìí, ó máa dá àrùn náà dúró, ẹ̀gbọ́n mi kò ní kú. Ó ní ṣùgbọ́n oògùn náà kì í na ìka tó ti tẹ̀. Ká ní wọ́n mú un wá kí ìka tó bẹ̀rẹ̀ sí í tẹ̀, ó ní, ó ṣeé ṣe kí ìka náà yè.

Wọ́n mú un lọ sí ibùdó tí wọ́n ń kó àwọn aláìsàn bẹ́ẹ̀ sí, ní ọ̀nà jíjìn. Káfíńtà wá ní àárọ̀ ọjọ́ tó ń lọ. Ó dúró nínú omi létí ọ̀sà, kò gòkè sórí ilẹ̀ wa, ó ń sunkún, ó ń sọ pé, "Ọ̀gá, ẹ má bínú sí mi. Mo ní ọmọ nílé. Ẹ má bínú." Fòfó ní, "Wá ẹlòmíràn tó lè ta á. Má jẹ́ kí ẹgbẹ́ túká." Káfíńtà rí ẹnì kan láti Gbájí, ẹgbẹ́ náà kò sì túká. Obìnrin ẹlẹ́mu fọ́ igbá tí Fòfó fi ń mu. Ìyá wa sun ẹní rẹ̀, ó sun aṣọ rẹ̀, nítorí àwọn ará etíkun ní kó ṣe bẹ́ẹ̀. Nígbà tó béèrè gìtá, mo pa irọ́ kejì fún un. Mo ní ó ti gbé e lọ. Abẹ́ àwọ̀n tó gbó ni mo gbé e pamọ́ sí. Bàbá wa kò pa òwe rẹ̀ mọ́ láti ọjọ́ náà. Mo rí i lọ́jọ́ kan tó fẹ́ pa á fún ẹnì kan tó ń ta kókó sí okùn, ó la ẹnu, ó tún pa á dé, ó sì wọlé lọ.

Bí ìyá wa bá ti lọ sí ọjà, mo máa ń gbé gìtá jáde sínú ahéré. N kò lọ kọ́ ọ lọ́dọ̀ ẹnikẹ́ni. Mo ti wo ọwọ́ Fòfó tó láti kékeré, ojú mi ló kọ́ ìka mi. Ó pẹ́ kí ìgbì tó jáde. Wáyà náà gé mi bó ṣe gé e, kò sì sí ẹni tó ń bá mi yọ́ àdín.

Ní ọdún tó kọjá, wọ́n ní mo lè lọ wò ó. Mo fi aṣọ di gìtá náà bí ọmọ, mo gbé e lọ. Abẹ́ igi máńgòrò ni wọ́n ti ń jẹ́ kí àlejò jókòó, bẹ́ǹṣì tiwọn lọ́tọ̀, tàwa lọ́tọ̀. Ara rẹ̀ ti mọ́, ó tiẹ̀ sanra díẹ̀, ṣùgbọ́n ìka mẹ́ta ti tẹ̀ lọ́wọ́ òsì, méjì lọ́wọ́ ọ̀tún. Nígbà tó rí ohun tí mo tú jáde nínú aṣọ, ó dìde dúró. Àwọn aláìsàn mìíràn bẹ̀rẹ̀ sí í sún mọ́ bẹ́ǹṣì rẹ̀. Èèyàn á tó ọgbọ̀n. Èmi tí mo sá sẹ́yìn àmù, mo tẹ orí ba, mo sì ta orin inú àwo náà.

N kò ta á dáadáa. Ṣùgbọ́n nígbà tí mo dé ibi tí gbogbo ayé ń fò, mo gbé ìka mi tó kéré jù sókè, mo sì mú okùn náà. Ìgbì fọ́. Fòfó fi ọwọ́ rẹ̀ tó tẹ̀ bo ojú.

Nígbà tó yá, ó ní kí n na ọwọ́ sókè kí òun lè rí i. Mo nà á láti orí bẹ́ǹṣì tèmi. Ó tẹjú mọ́ orí ìka mi níbi tí wáyà ti là á.

"Ṣé ó ń dùn ọ́?"

"Ó ń dùn mí gan-an, Fòfó."

"Ẹsẹ̀ rẹ ń kọ́?"

"Ó mọ iná, ó mọ omi."

Ó mí kanlẹ̀. "O ṣeun," ó ní. "O ṣeun, àbúrò mi. Má jẹ́ kó ṣíwọ́ láti máa dùn ọ́."

Mo ṣì ń gbé orí iyanrìn yìí, mo ṣì ń yan ẹja. Mo máa ń ta gìtá náà ní ọ̀sán, bí ẹnì kan kò bá sí nílé. Ṣùgbọ́n bí mo bá ti rí i pé awọ orí ìka mi ti ń yi, tí okùn kò ta mí mọ́, ẹ̀rù á bà mí. Màá gbé gìtá padà sábẹ́ àwọ̀n tó gbó, màá sì dúró títí ìka mi yóò fi tún rọ̀. Nígbà náà ni màá tún bẹ̀rẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀. Báyìí, n kò ní di ọ̀gá láé. Mo mọ̀. Ọ̀sán òní ni mo tún gbé e jáde, wáyà sì gé mi níbi orin kìíní. Mo yọ́ àdín díẹ̀ nínú ìkarahun, mo kán an síbẹ̀, mo sì jókòó sí ẹnu ọ̀nà ahéré, mo ń gbọ́ bó ṣe ń dùn mí.